Ohùn Ìyàwó Nínú Ẹ̀rọ Atọ́nà

Ará èbúté kì í pẹ́ gbọ́ ọ̀rọ̀. Bí ènìyàn bá sín nídìí ọkọ̀ àkọ́kọ́, wọn á ti máa kí i ní pẹ̀lẹ́ nídìí ọkọ̀ ìkẹyìn kó tó nu imú. Nítorí náà, nígbà tí Oníwáyà sọ̀ kalẹ̀ lórí alùpùpù láàárọ̀ ọjọ́ ìdánwò bàbá rẹ̀, tó gbé àpò irinṣẹ́ kọ́ èjìká, kò sí ẹni tó bi í pé kí ló ń wá.

"Ṣé ẹ̀rọ yẹn á sọ̀rọ̀ lónìí?" ni ọkùnrin tó ń ta okùn bi í.

"Á sọ̀rọ̀," ni Oníwáyà dá a lóhùn. "Ẹ kàn bá mi gbàdúrà kó má sọ jù."

Oníwáyà kì í ṣe orúkọ àbísọ. Ọmọbìnrin náà kò tíì mọ ìwé kà tí wáyà ti ń yọ lápò rẹ̀, rédíò ilé wọn kò sì rí ìsinmi lọ́wọ́ rẹ̀. Ó wá dàgbà, ó di ẹni tí wọ́n ń wá kiri. Pápá bàálù ló ti ń ṣiṣẹ́, níbi tó ti ń tún àwọn ẹ̀rọ tó wà níwájú awakọ̀ bàálù kékeré ṣe: èyí tó ń sọ bí bàálù ṣe ga tó, èyí tó ń sọ ibi tí imú rẹ̀ kọjú sí, àti èyí tó ń ya ọ̀nà sójú fún awakọ̀ nígbà tí ìkùukùu bá bo gbogbo ayé mọ́ ọn lójú. Bí bàálù bá balẹ̀ láyọ̀, ẹnikẹ́ni kì í rántí rẹ̀. Ó ní bó ṣe yẹ kó rí náà nìyẹn.

Ṣùgbọ́n ti ọjọ́ yìí kì í ṣe ti bàálù. Bàbá rẹ̀ ti ń fi ọkọ̀ kó pákó àti sìmẹ́ǹtì sọdá omi láti ìgbà tí irun orí rẹ̀ ṣì dúdú. Ojú rẹ̀ ló wá ń ṣe é bákan. Nǹkan funfun kan bò ó bí èéfín, dókítà sì ti ṣe èyí tó lè ṣe. Ó ń rí ìmọ́lẹ̀, ó ń rí òjìji, ṣùgbọ́n láìpẹ́ yìí ló kí òpó iná kan ní ẹ káàárọ̀, ó sì bínú pé òpó náà kò jẹ́ òun.

Ọdọọdún ni wọ́n ń ṣe ìdánwò kùrukùru fún awakọ̀ kọ̀ọ̀kan ní èbúté náà. Wọn á fi tapólì bo gbogbo fèrèsé yàrá ìwakọ̀, kí awakọ̀ má rí ìta rárá. Ẹ̀rọ nìkan ni yóò fi wa ọkọ̀ lọ yí àgbá pupa tó léfòó lẹ́nu òkun ká, yóò sì padà wá gba àárín òpó méjì wọlé. Ẹni tó bá yege, kó máa wakọ̀ rẹ̀ lọ. Ẹni tó bá kùnà, á fi kọ́kọ́rọ́ ọkọ̀ lé ọ̀gá èbúté lọ́wọ́ lójú ẹsẹ̀. Bàbá kò sì lè ka ojú ẹ̀rọ mọ́. Ó ti sọ fún ọmọ rẹ̀ pé ọjọ́ tí kọ́kọ́rọ́ náà bá kúrò lápò òun, ọjọ́ náà gan-an ni òun di arúgbó.

"Bí ẹ kò bá lè kà á," ni Oníwáyà wí, "ẹ ó máa gbọ́ ọ."

Bó ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Ó ra ẹ̀rọ atọ́nà ti ọkọ̀ ojú omi, ó tọrọ kọ́ńpáàsì kékeré kan lára bàálù tí wọ́n ti pa tì, ó so wọ́n pọ̀, ó sì kọ́ wọn lọ́rọ̀ sísọ. Ẹ̀rọ náà ń gba àmì láti ojú ọ̀run, ìyẹn ló fi ń mọ ibi tí ọkọ̀ wà. Ṣùgbọ́n ibi tí imú ọkọ̀ kọjú sí, kọ́ńpáàsì yẹn ló ń sọ ọ́ fún un. Bí kọ́ńpáàsì bá parọ́, ẹ̀rọ náà á fi gbogbo ẹnu tún irọ́ náà sọ.

Ohùn ta ni yóò wá máa fi sọ̀rọ̀? Oníwáyà kọ́kọ́ lo ohùn ara rẹ̀. Bàbá gbọ́ ọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ́ńjìnnì, ó mi orí.

"Kò wọlé," ni bàbá wí. Ariwo ẹ́ńjìnnì ti jẹ etí rẹ̀ tipẹ́. "Ohùn kan ṣoṣo ló ń wọ etí mi, bí mo fẹ́, bí mo kọ̀. O sì mọ ẹni tó ni ín."

Oníwáyà mọ ẹni tó ni ín. Aránṣọ ni ìyá rẹ̀. Ẹ̀rọ ìránṣọ mẹ́ta ló máa ń kùn papọ̀ nínú ṣọ́ọ̀bù rẹ̀, síbẹ̀ tí ìyá bá ní kí wọ́n gbé sísọ́ọ̀sì wá, ẹni tó wà lójú títì á ti máa wá a kiri. Oníwáyà jókòó sáàárín aṣọ tí wọ́n ti gé sílẹ̀, ó gbé fóònù síwájú rẹ̀.

"Màmá, ẹ sọ pé, ọ̀tún díẹ̀."

"Ọ̀tún díẹ̀."

"Òsì díẹ̀."

"Òsì díẹ̀. Ṣé wọ́n á sì gbọ́? Bàbá Oníwáyà, mo ní òsì o!"

"Ẹ má fi kún un, Màmá. Ẹ sọ pé, tààrà."

"Tààrà. Ó dára bẹ́ẹ̀."

Oníwáyà fẹ́ gé "ó dára bẹ́ẹ̀" kúrò, ṣùgbọ́n ẹ̀rín kò jẹ́ kó gé e, bó ṣe kù síbẹ̀ nìyẹn.

Ohùn ìyá wá fẹ́ wọ ọkọ̀ tí ẹsẹ̀ rẹ̀ kò wọ̀ rí. Nígbà tó ṣì jẹ́ ìyàwó tuntun, bàbá ṣèlérí pé òun á gbé e lọ yí àgbá pupa ká, kó lè fojú rí òkun gbalasa. Ìyá wọ bàtà tuntun wá sí èbúté. Ó bá a pé omi ti ń fà, ọkọ̀ sì ti gbéra, nítorí omi tó bá fà tán á fi ọkọ̀ sílẹ̀ lórí iyanrìn. Láti ọ̀nà jíjìn ni ọkọ rẹ̀ ti ń ju ọwọ́ sí i, tó ń pariwo pé, "Mo ń bọ̀!" Ìyá dúró títí oòrùn fi kàn án látàrí, lẹ́yìn náà ó wọ́ bàtà rẹ̀ lọ sílé. Ó ní òun kò ní wọ ọkọ̀ náà títí ọkọ òun á fi wá fọwọ́ ara rẹ̀ mú òun ní èbúté, kó sì bẹ̀ òun. Bàbá lágídí, kò bẹ̀ ẹ́. Ó ra ọ̀dà funfun, ó sì kọ MO Ń BỌ̀ gàdàgbà sí imú ọkọ̀. Ìyá ní òun kò mọ ọ̀dà tó ń bẹ̀bẹ̀.

Láàárọ̀ ọjọ́ ìdánwò, gbogbo nǹkan ló wà létòlétò. Lánàá ni Oníwáyà ti mú kí bàbá rọra wa ọkọ̀ yíká lójú kan, kí kọ́ńpáàsì lè mọ irin inú ọkọ̀ náà, kí irin náà má bàa ṣì í lọ́nà. Ní pápá bàálù, òbìrìkìtì ńlá kan ni wọ́n kùn sílẹ̀ fún irú iṣẹ́ yìí. Ọ̀gá wọn níbẹ̀ kì í fi ṣeré rárá: bí ẹnì kan bá ti gbé ohunkóhun sún mọ́ kọ́ńpáàsì, ì báà jẹ́ tọ́ọ̀ṣì, wọ́n gbọ́dọ̀ tún ti bàálù náà sínú òbìrìkìtì yẹn, kí wọ́n sì tún yí i. Ará èbúté fi ọkọ̀ bàbá ṣe yẹ̀yẹ́ lánàá, wọ́n ní ó ń jó láìsí ìlù.

Bàbá tan ẹ́ńjìnnì, ó tẹ́tí. "Oníwáyà, ohùn ìyá rẹ ń ti òkèèrè bọ̀. Ìyẹn ṣàjèjì sí mi."

Ọ̀rọ̀ yìí pa Oníwáyà lẹ́rìn-ín. Ó tú sípíkà kúrò lára ògiri ẹ̀yìn, ó sì dè é mọ́ iwájú, lábẹ́ kọ́ńpáàsì gan-an, níbi tí ohùn yóò ti kọlu etí bàbá wẹ́kú. Bàbá fò sókè. "Ó wọlé! Ó tún fẹ́ wọlé jù!" Inú ọmọ dùn, inú bàbá dùn, ọ̀gá èbúté sì ti ń bọ̀.

Ọ̀gá èbúté jẹ́ ọkùnrin gbọọrọ kan tó ń ṣọ́ ọ̀rọ̀ ná. Ó fọwọ́ kan tapólì ní fèrèsé kọ̀ọ̀kan, ó ní ó dára. Ó yíjú sí Oníwáyà. "O lè jókòó tì í. Ṣùgbọ́n ẹni tó so ẹ̀rọ kò gbọdọ̀ sọ̀rọ̀ nínú ìdánwò. Bí ọ̀bẹ ti mú tó, kì í gbẹ́ èkù ara rẹ̀." Ó jáde lọ jókòó sí imú ọkọ̀, ó sì fi fèrè rẹ̀ sẹ́nu.

Wọ́n gbéra. Inú yàrá ìwakọ̀ ṣókùnkùn bí inú àpótí, àfi ìmọ́lẹ̀ ojú ẹ̀rọ. Bàbá di sítíárìn mú, ó gbé orí sókè bí ẹni tó ń gbóòórùn ọbẹ̀.

"Ọ̀tún díẹ̀," ni ìyá wí láti inú sípíkà.

Bàbá yà sọ́tùn-ún.

"Tààrà. Ó dára bẹ́ẹ̀."

"Ẹ gbọ́ o!" ni bàbá kígbe. "Ó ní ó dára! Láti ọjọ́ tí mo ti fẹ́ ẹ, kò sọ bẹ́ẹ̀ rí!"

Oníwáyà fi ọwọ́ bo ẹnu kó má bàa pariwo ayọ̀. Ọkọ̀ ń sáré, omi ń lu ìdí rẹ̀ pìtìpìtì, ohùn ìyá ń pàṣẹ, bàbá ń gbọ́. Fèrè ọ̀gá èbúté wá dún. Ó tún dún, kíkankíkan. Kí bàbá tó pa ẹ́ńjìnnì, ọkọ̀ ti gbọ̀n rìrì, ó sì dúró gbagidi.

"Tààrà," ni sípíkà wí. "Ó dára bẹ́ẹ̀."

Ọ̀gá èbúté ká tapólì sókè. Òkìtì iyanrìn ni wọ́n gùn. Ẹyẹ omi kan tó dúró lórí ẹsẹ̀ kan wò wọ́n, kò tilẹ̀ fò.

Wọ́n fi ọ̀pá ti ọkọ̀ kúrò, wọ́n padà sí èbúté. Bàbá fi ọwọ́ kan di sítíárìn mú. Ọwọ́ rẹ̀ kejì wà nínú àpò, ó di kọ́kọ́rọ́ àfipamọ́ ọkọ̀ náà mú, Oníwáyà sì mọ̀ ọ́n. Ojú ti ọmọ náà débi pé etí rẹ̀ gbóná.

"Omi ti ń fà," ni ọ̀gá èbúté wí. "Tí ẹ bá ṣe tán kó tó fà tán, ẹ tún lọ lẹ́ẹ̀kan sí i. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, Bàbá, ẹ má bínú. Kọ́kọ́rọ́."

Oníwáyà ti kúnlẹ̀ sídìí ẹ̀rọ kó tó sọ̀rọ̀ tán. Wọ́n ti so ọkọ̀ mọ́ èbúté, imú rẹ̀ kọjú sí ògiri ilé ẹrù, ẹni tó bá lójú ló rí i. Ṣùgbọ́n ọfà ojú ẹ̀rọ ní ẹnu òkun ni wọ́n kọjú sí. Irọ́ rèé! Ó wo wáyà, wáyà dára. Ó tú súkúrù sípíkà kó lè rí ẹ̀yìn rẹ̀. Bó ṣe gbé sípíkà náà kúrò báyìí, ọfà fò. Ó kọjú sí ògiri tààrà.

Ó dá sípíkà padà. Ọfà lọ sẹ́nu òkun. Ó gbé e kúrò. Ọfà padà sí ògiri.

"Òòfà!" Igbe tó ké mú kí ọkùnrin tó ń ta okùn ju okùn sílẹ̀. "Bàbá mi, òòfà ni! Òòfà tó ń fa irin wà lẹ́yìn gbogbo sípíkà, èmi ni mo sì lọ gbé e sábẹ́ kọ́ńpáàsì! N kò sì tún yí ọkọ̀ ká!"

Kòkòrò tó ń jẹ̀fọ́, ara ẹ̀fọ́ ló wà. Ohùn tó ń tọ́ ọ̀nà náà ló ń fa ọ̀nà wọ́. Bí ọ̀gá rẹ̀ ní pápá bàálù bá gbọ́, yóò fi ṣe ẹ̀kọ́ fún gbogbo ẹni tó bá wọlé. Kò bìkítà mọ́. Inú rẹ̀ dùn débi pé ó fẹ́ fẹnu ko sípíkà náà lẹ́nu kó tó jù ú nù.

Bàbá rẹ́rìn-ín fún ìgbà àkọ́kọ́ látìgbà tí wọ́n ti dé. "Mo mọ̀ pé ìyá rẹ lágbára. N kò mọ̀ pé ó lè fa kọ́ńpáàsì."

Wọ́n sáré wa ọkọ̀ síwájú díẹ̀, wọ́n tún yí i ká lójú kan, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, títí kọ́ńpáàsì fi mọ ara rẹ̀. Ọfà dúró. Òótọ́ ló ń sọ. Ṣùgbọ́n kò ní ohùn mọ́. Bí Oníwáyà bá dá sípíkà padà sí ògiri ẹ̀yìn, bàbá kò ní gbọ́. Bó bá gbé e síwájú, a ti mọ ibi tí wọn yóò gúnlẹ̀ sí.

"Òfin gbà kí ẹnì kan máa ka ojú ẹ̀rọ fún awakọ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹnikẹ́ni kì í bèèrè," ni ọ̀gá èbúté wí. Ó ronú díẹ̀, ó fi kún un pé, "Kì í ṣe ìwọ."

Gbogbo ojú yí sí ibì kan náà. Ìyá wà níbẹ̀ látàárọ̀, tépù ìwọnṣọ wà lọ́rùn rẹ̀. Ó ti sọ fún ẹni tó bi í pé òun kàn ń kọjá ni, bẹ́ẹ̀ sì ni kò sí ibi tí ènìyàn lè gba èbúté kọjá lọ àfi inú omi.

"Ẹ má wò mí," ni ìyá wí.

Bàbá jáde kúrò nínú ọkọ̀. Ó kọsẹ̀ lára okùn, Oníwáyà fẹ́ dì í mú, ó gbọnwọ́ rẹ̀ kúrò. Ó tẹ̀ lé ohùn tó gbọ́ títí ó fi dúró níwájú aya rẹ̀.

"Ìyá Oníwáyà."

"Mo ń gbọ́."

"Omi ń fà."

"Mo rí i."

"Omi ń fà lọ́jọ́ yẹn náà."

"Mo rí ìyẹn náà. Bàtà tuntun ló wà lẹ́sẹ̀ mi."

Bàbá tẹrí ba. "Mo ní mo ń bọ̀, n kò sì padà wá bó ṣe yẹ. Ọ̀dà ni mo lọ rà. Mo ti wá mú ọ báyìí. Mo bẹ̀ ọ́, dárí jì mí."

Ó na ọwọ́. Ṣùgbọ́n ojú rẹ̀ tàn án, ọwọ́ náà lọ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi tí ìyá dúró, kò kan ẹnikẹ́ni. Ìyá wo ọwọ́ náà nínú afẹ́fẹ́. Omijé bọ́ lójú Oníwáyà. Ìyá sún síbi tí ọwọ́ náà wà, ó sì dì í mú.

"Bàtà mi kò gbọdọ̀ tutù o," ni ó wí.

Ariwo ta! Wọ́n ń pàtẹ́wọ́, wọ́n ń súfèé, ọ̀gá èbúté sì ń wo omi. "Ẹ yára!"

Inú yàrá ìwakọ̀ ni Oníwáyà ti ń sáré ṣàlàyé nígbà tí wọ́n ń de tapólì padà. "Màmá, ìlà pupa yìí ni ọ̀nà. Ọfà yìí ni ọkọ̀. Ẹ má jẹ́ kí ọfà kúrò lójú ìlà. Èmi ò ní lè sọ̀rọ̀ mọ́ tí a bá ti gbéra."

Ìyá tẹjú mọ́ ọn. "Kí ọfà má kúrò lójú ìlà? Ṣé kì í ṣe ohun tí mò ń ṣe látàárọ̀ ṣúlẹ̀ nìyí? Abẹ́rẹ́ ni, ọmọ mi."

Wọ́n gbéra. Ẹ̀rù ba ìyá nígbà tí ọkọ̀ kọ́kọ́ mì, ó fi ọwọ́ kan di èjìká ọkọ rẹ̀ mú, kò sì gbé e kúrò mọ́.

"Ọ̀tún. Ọ̀tún díẹ̀ sí i. Ó tó! Ẹ má gé e já! Tààrà báyìí, bí ẹ̀gbẹ́ ṣòkòtò."

"Mo gbọ́."

"Òsì. Mo ní òsì!"

"Mo ti yà sósì!"

"Ẹ kò tíì yà tó. Ẹ̀n-ẹ́n. Kọ́là ẹ̀wù ló kàn o, ẹ rọra, ẹ máa yí i bọ̀, ẹ máa yí i bọ̀, ẹ má fà á!"

Wọ́n ń yí àgbá pupa ká. Oníwáyà rí i lójú ẹ̀rọ, ó jẹ ètè mọ́nú kó má bàa sọ̀rọ̀. Ọfà tẹ̀ lé ìlà bí okùn ṣe ń tẹ̀ lé abẹ́rẹ́. Fèrè kò dún. Wọ́n yọ lódì kejì, wọ́n kọjú sílé, omi sì ti fà débi pé ìdí ọkọ̀ fọwọ́ kan iyanrìn lẹ́ẹ̀kan, fẹ́ẹ́rẹ́, bí ẹni tó ń kíni.

"Òpó ló kù," ni bàbá wí. Òógùn ń bọ́ lójú rẹ̀. "Sọ fún mi."

"Tààrà. Òsì bíńtín, bí ìbú èékánná. Ó tó. Ẹ má mira." Ohùn ìyá rẹlẹ̀, ó rọra ń sọ̀rọ̀ sí i létí, bàbá sì ń gbọ́ gbogbo rẹ̀. "Tààrà, ọkọ mi. Ó dára bẹ́ẹ̀."

Ariwo èbúté ló kọ́kọ́ sọ fún wọn. Lẹ́yìn náà ni ọkọ̀ fara kan táyà tí wọ́n so mọ́ ẹsẹ̀ èbúté. Oníwáyà, tí wọ́n ti pa lẹ́nu mọ́ látìgbà yìí, fi ẹnu náà ké igbe kan ṣoṣo tí wọ́n gbọ́ dé ilé ẹrù.

Ọ̀gá èbúté wọlé wá, ó ń rẹ́rìn-ín, èyí tí ẹnì kankan kò rí rí. "Bàbá, ẹ yege. Ẹ mú kọ́kọ́rọ́ yín dání." Ó wá gbé ìka kan sókè. "Àdéhùn kan ni o. Ẹni tó ka ẹ̀rọ fún yín lónìí gbọ́dọ̀ wà nínú ọkọ̀ nígbàkigbà tí ẹ bá ń wà á."

Ẹ̀rín kúrò lẹ́nu bàbá. Ó yíjú síbi tí aya rẹ̀ wà.

"Nígbàkigbà?" ni ìyá bèèrè.

"Nígbàkigbà, Màmá."

Ìyá tú tépù ìwọnṣọ kúrò lọ́rùn, ó fi wọn àyè tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ sítíárìn. "Ibí yìí á gba ẹ̀rọ ìránṣọ kékeré kan," ni ó wí. "Ẹ ká tapólì yẹn kúrò. Omi kò tíì fà tán. Mo yí nǹkan kan ká lẹ́ẹ̀kan, n kò sì fojú rí i."

Wọ́n tún jáde, pẹ̀lú fèrèsé tó ṣí sílẹ̀ gbayawu. Nígbà tí wọ́n dé ẹnu òkun, bàbá dín iná ẹ́ńjìnnì kù. Òkun gbalasa wà níwájú wọn, ó ń dán yanranyanran. Ìyá wò ó pẹ́.

"Ṣé àgbá náà ṣì pupa?" ni bàbá bi í. "Ó ti pẹ́ tí mo ti rí i kẹ́yìn."

"Ó pupa. Ọ̀dà rẹ̀ ti ń ṣí lápá kan. Ẹyẹ méjì bà lé e, wọ́n ń jà. Òkun wà lẹ́yìn rẹ̀, ó lọ títí, n kò rí òpin rẹ̀."

Bàbá mi orí, bí ẹni tó ń rí i. "Mo sì sọ fún ọ pé mo ń bọ̀."

"Ẹ sọ ọ́ lóòótọ́. Ẹ kàn pẹ́ ni," ni ìyá wí. "Ọ̀tún díẹ̀."